Àtúnsọ Kì í Ṣe Àdàkọ: Ọ̀ràn Xia Yan, Òǹkọ̀wé Eré Sinimá Ilẹ̀ Ṣáínà

Ìwọ̀n kan wà tí àwọn kan nínú àwọn olùkọ́ lítíréṣọ̀ máa ń lò nígbà tí wọ́n bá fẹ́ fi ìwé ìtàn-àròsọ kan wé sinimá tí a ṣe láti inú rẹ̀. Wọn a gbé ìwé sí apá ọ̀tún, wọn a gbé sinimá sí apá òsì, wọn a sì bẹ̀rẹ̀ sí í ka ohun tí ó yàtọ̀. Ẹ̀dá-ìtàn kan wà nínú ìwé tí kò sí nínú sinimá. Ìṣẹ̀lẹ̀ kan wà nínú sinimá tí kò sí nínú ìwé. Ibi tí ìwé parí sí kọ́ ni sinimá parí sí. Bí wọ́n bá ti kà á tán, wọn a dájọ́ pé òǹkọ̀wé eré sinimá ti ba iṣẹ́ oníṣẹ́ jẹ́. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ń múra ìdánwò a há ìdájọ́ náà sórí, a sì dà á sílẹ̀ nínú yàrá ìdánwò bí ẹni da àgbàdo sórí ẹní.

Àwọn mìíràn tilẹ̀ wà tí wọn kò ka irú òǹkọ̀wé bẹ́ẹ̀ kún òǹkọ̀wé rárá. Lójú tiwọn, alágbàrù lásán ni. Ẹlòmíràn ni ó di ẹrù. Òun kàn gbé e láti ọjà dé ilé ni.

Orísun kan náà ni àṣìṣe méjèèjì ti ṣàn wá. Àwọn tí ń sọ bẹ́ẹ̀ gbà pé ẹrù ni ìtàn, pé ó ṣeé gbé láti orí ìwé sí ojú aṣọ sinimá láìjẹ́ pé ohunkóhun yí padà nínú rẹ̀. Ó sì yẹ kí ọmọ Yorùbá jẹ́ ẹni ìkẹyìn tí yóò gba irú èrò yìí gbọ́. Àlọ́ Ìjàpá kan ṣoṣo, bí ó bá gba ẹnu ìyá àgbà mẹ́ta, ọ̀nà mẹ́ta ni yóò gbà jáde, kò sì sí ọmọ tí yóò dìde láti sọ pé olè ni méjì nínú wọn. Ohun tí àwọn ọmọ ń wò ni bóyá ìyá náà mọ Ìjàpá dénú.

Ẹ̀rí tí ó lágbára lórí ọ̀ràn yìí wà ní ilẹ̀ Ṣáínà, nínú ìgbésí-ayé àti iṣẹ́ Xia Yan, ẹni tí ó fi ohun tí ó lé ní ọgbọ̀n ọdún kọ eré sinimá, tí púpọ̀ nínú èyí tí ó lókìkí jù lọ nínú wọn sì jẹ́ ìtàn tí ẹlòmíràn ti kọ ṣáájú. Bí a bá ní kí àwọn akàyàtọ̀ dájọ́ rẹ̀, alágbàrù ni wọn yóò pè é. Ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá tọ ipasẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, yóò rí i pé ìdájọ́ náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀.

Ìlú Hangzhou ní ìpínlẹ̀ Zhejiang ni wọ́n ti bí i ní 1900. Shen Naixi ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Xia Yan jẹ́ orúkọ tí ó fi ń kọ̀wé. Ó wà ní ọmọdé nígbà tí baba rẹ̀ kú, ìdílé náà sì rí ìyà. Ẹ̀kọ́ lítíréṣọ̀ kọ́ ni ó kọ́kọ́ kọ́. Ilé-ẹ̀kọ́ iṣẹ́-ọwọ́ ni ó lọ ní Hangzhou, ní 1920 ó sì sọdá sí ilẹ̀ Jàpáànù láti lọ kọ́ iṣẹ́ iná mànàmáná. Ní 1927 ó padà sí Shanghai, ó sì wọ ẹgbẹ́ òṣèlú Kọ́múníìsì ní ọdún náà gan-an, nígbà tí wọ́n ń ṣọdẹ àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà kiri ìlú bí ẹni ń dọdẹ òkété. Iṣẹ́ ìtumọ̀ ni ó fi ń jẹun. Òun ni ó túmọ̀ ìwé ìtàn-àròsọ Gorky, ará Rọ́ṣíà, tí àkọlé rẹ̀ jẹ́ Ìyá, sí èdè Ṣáínà. Ní 1930 ó wà lára àwọn tí ó dá Ẹgbẹ́ Àwọn Òǹkọ̀wé Apá Òsì sílẹ̀ ní Shanghai.

Ọ̀nà tí ó gbà dé ìdí sinimá yẹ ní àkíyèsí. Ní oṣù kìíní ọdún 1932, àwọn ọmọ ogun Jàpáànù kọlu Shanghai. Ogun náà ba ọrọ̀-ajé àwọn ilé-iṣẹ́ sinimá jẹ́, ojú àwọn ènìyàn sì kúrò lára ìtàn àwọn ológun alágbára àti ti ìfẹ́ àwọn ọlọ́rọ̀ tí wọ́n ti ń wò tẹ́lẹ̀. Ilé-iṣẹ́ sinimá Mingxing wá àwọn òǹkọ̀wé tuntun, wọ́n sì ké sí Xia Yan, Qian Xingcun àti Zheng Boqi. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta gbà, ṣùgbọ́n orúkọ tí kì í ṣe tiwọn ni wọ́n gbé wọlé, nítorí pé àwọn ọlọ́pàá ìjọba ń wá irú wọn.

Xia Yan kò mọ iṣẹ́ náà nígbà tí ó dé ìdí rẹ̀, ó sì mọ̀ pé òun kò mọ̀ ọ́n. Ó ń lọ jókòó nínú ilé sinimá tòun ti tọ́ọ̀ṣì àti aago lọ́wọ́, ó ń ṣírò iye ìgbà tí àwòrán kan fi dúró kí òmíràn tó gba ipò rẹ̀, ó sì ń kọ ọ́ sílẹ̀ nínú òkùnkùn. Ní 1932 kan náà, ó túmọ̀ ìwé Pudovkin, ògbóǹtarìgì olùdarí sinimá ará Rọ́ṣíà, lórí iṣẹ́ olùdarí eré, nígbà tí Zheng Boqi túmọ̀ èyí tí ó jẹ mọ́ kíkọ ìwé eré. Ta ni ó tún fẹ́ sọ pé iṣẹ́ àdàkọ ni? Ẹni tí ń dà ìwé kọ kò nílò aago. Ẹni tí ń kọ́ èdè tuntun ni ó ń ka ìró àti ìdákẹ́ rẹ̀, sinimá sì jẹ́ èdè tí ó ní gírámà tirẹ̀.

Kò pẹ́ tí ó fi lo èdè náà. Ní 1932, Mao Dun, ọ̀kan nínú àwọn ìlú-mọ̀-ọ́n-ká òǹkọ̀wé ìtàn-àròsọ Ṣáínà, gbé ìtàn kúkúrú kan jáde lórí àwọn àgbẹ̀ tí ń sin kòkòrò ṣẹ́dà ní Zhejiang. Tongbao, bàbá arúgbó inú ìtàn náà, jẹ gbèsè láti ra ewé tí àwọn kòkòrò rẹ̀ yóò jẹ. Gbogbo ilé sùn mọ́jú lórí iṣẹ́ náà. Àwọn kòkòrò yè, òwú wọn sì pọ̀ ju ti ọdún mélòó kan lọ. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó di àkókò àti tà, àwọn ilé-iṣẹ́ tí ń ra òwú ti ti ilẹ̀kùn nítorí ogun àti ìdíje àwọn òyìnbó àti Jàpáànù. Iye tí wọ́n rí gbà lórí ohun tí ó kù kò tó gbèsè. Ọdún ọ̀pọ̀ di ọdún òṣì.

Xia Yan kọ ọ́ sí eré sinimá ní 1933, Cheng Bugao sì darí rẹ̀. Orúkọ àdàpè, Cai Shusheng, ni ó wà lára sinimá náà ní ipò òǹkọ̀wé. Ó jẹ́ ìgbà àkọ́kọ́ tí ìtàn àwọn òǹkọ̀wé tuntun ilẹ̀ Ṣáínà yóò di sinimá. Kí ni òǹkọ̀wé eré náà ṣe? Kò fi ìjà kún un. Kò fi àrékérekè olólùfẹ́ kún un. Ohun tí ó ṣe ni pé ó jẹ́ kí òǹwòran rí iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀: bí wọ́n ti ń já ewé, bí wọ́n ti ń tẹ́ ẹ, bí àwọn kòkòrò ti ń jẹ ẹ́, bí wọ́n ti ń pọ òwú. Àwọn kan rojọ́ pé ó falẹ̀ jù, pé ó dà bí ẹ̀kọ́ lórí sínsin kòkòrò. Ẹjọ́ wọn kò dé ìsàlẹ̀ ọ̀rọ̀. Ẹni tí kò rí bí iṣẹ́ ti wọ àgbẹ̀ lọ́rùn tó, báwo ni yóò ṣe mọ̀ pé wọ́n ti jà á lólè nígbà tí wọ́n dárúkọ owó? Nínú ìwé, asọ̀tàn lè sọ ohun tí ó wà lọ́kàn Tongbao fún òǹkàwé. Sinimá kò ní asọ̀tàn bẹ́ẹ̀. Ọwọ́ àgbẹ̀ ni ó ní láti fi sọ̀rọ̀. Ohun tí ẹnu asọ̀tàn ń ṣe lórí ìwé, Xia Yan gbé e fún ọwọ́ òṣìṣẹ́ láti ṣe lójú aṣọ. Ìyẹn ni iṣẹ́ òǹkọ̀wé.

Àwọn alátakò rẹ̀ ní Shanghai ìgbà náà kò pa ẹnu mọ́. Ẹgbẹ́ kan wà láàárín àwọn aṣelámèyítọ́ sinimá tí wọ́n ní sinimá kò gbọdọ̀ le. Ọ̀kan nínú wọn, Huang Jiamo, tilẹ̀ fi sinimá wé áísìkirimù fún ojú àti àga tìmùtìmù fún ọkàn. Ìyẹn ni pé kí ènìyàn wọlé, kí ojú rẹ̀ jẹ adùn, kí ọkàn rẹ̀ sinmi, kí ó sì máa lọ sí ilé rẹ̀. Xia Yan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bá wọn fa ọ̀rọ̀ náà nínú ìwé ìròyìn, ó sì pẹ́ kí ó tó rọlẹ̀. Kò sí ẹni tí ó kórìíra adùn. Bí eré kò bá dùn, ta ni yóò dúró wò ó? Ṣùgbọ́n ìlú tí bọ́ǹbù ti wó ilé rẹ̀ lọ́dún kan ṣáájú kò lè fi àga tìmùtìmù nìkan ṣe oògùn.

Bí ẹnikẹ́ni bá ṣì rò pé ògo ara rẹ̀ ni òǹkọ̀wé náà ń wá, kí ó wo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní 1935. Tian Han, òǹkọ̀wé eré-oníṣe ńlá, ti la ìtàn kan sílẹ̀ fún sinimá lórí àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n gbéra láti lọ kọjú ìjà sí àwọn Jàpáànù. Ní oṣù kejì ọdún náà, ìjọba gbé e sẹ́wọ̀n. Xia Yan ni ó gba ìtàn náà, tí ó sì kọ ọ́ di ìwé eré tí olùdarí lè fi ṣiṣẹ́. Ní oṣù karùn-ún, sinimá náà jáde. Orin ìparí rẹ̀, tí Tian Han kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ tí Nie Er sì kọ ohùn rẹ̀, di orin ilẹ̀ Ṣáínà ní 1949, wọ́n sì kọ ọ́ sínú òfin ìpìlẹ̀ orílẹ̀-èdè náà ní 2004. Gbogbo ayé mọ orin náà. Ìwọ̀nba díẹ̀ ni ó mọ ẹni tí ó parí ìwé eré tí ó gbé e jáde. Ẹrù ọ̀rẹ́ tí ó wà lẹ́wọ̀n ni ó rù. Bí èyí bá jẹ́ iṣẹ́ alágbàrù, a jẹ́ pé ọlá wà nínú iṣẹ́ alágbàrù.

Ní 1956 ni ọ̀ràn tí ó jẹ́ gbòǹgbò àríyànjiyàn yìí wáyé. Ọdún náà pé ogún ọdún tí Lu Xun, baba lítíréṣọ̀ tuntun ilẹ̀ Ṣáínà, ti kú. Wọ́n pinnu láti fi ìtàn kúkúrú rẹ̀ kan, èyí tí ó kọ ní 1924 lórí ẹbọ ọdún tuntun, ṣe sinimá aláwọ̀. Xia Yan kọ ìwé eré, Sang Hu darí rẹ̀, Bai Yang sì ṣe ipò obìnrin inú ìtàn náà. Orúkọ tirẹ̀ kò hàn nínú ìtàn. Ìyàwó Xianglin ni gbogbo ènìyàn ń pè é, ní orúkọ ọkọ rẹ̀ tí ó ti kú.

Ìtàn náà wúwo. Opó ni obìnrin yìí. Ó ṣe ọmọ-ọ̀dọ̀ ní ilé ọlọ́lá kan. Ìyá ọkọ rẹ̀ wá jí i gbé, ó sì tà á fún ọkọ mìíràn lórí òkè. Ọkọ kejì kú, ìkookò sì pa ọmọ rẹ̀ jẹ. Nígbà tí ó padà sí ilé ọlọ́lá náà, wọn kò jẹ́ kí ó fọwọ́ kan ohun èlò ẹbọ mọ́, nítorí pé obìnrin ọkọ méjì di ẹni èérí. Ọmọ-ọ̀dọ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan wá dẹ́rù bà á pé bí ó bá dé ọ̀run, ọkọ méjèèjì yóò jà lé e lórí, wọn yóò sì fi ayùn là á sí méjì. Àfi kí ó ra igi ìdábùú ẹnu-ọ̀nà kan fún ilé òrìṣà, kí ẹgbẹẹgbẹ̀rún ẹsẹ̀ máa tẹ̀ ẹ́ kọjá dípò ara rẹ̀. 12,000 owó idẹ ni iye rẹ̀, ẹgbàafà géérégé. Ó ṣiṣẹ́ fún nǹkan bí ọdún kan kí ó tó san án. Pẹ̀lú ìdùnnú ni ó fi na ọwọ́ sí ohun èlò ẹbọ nígbà tí ọdún dé. Ìyáálé ilé kígbe pé kí ó fi sílẹ̀. Gbogbo owó náà ti wọ omi. Láti ọjọ́ náà ni ọkàn rẹ̀ ti kú, ó sì di alágbe, títí ó fi kú nígbà tí ìlú ń ṣọdún.

Xia Yan pa ìtàn yìí mọ́ ní púpọ̀, ṣùgbọ́n ó ṣe ohun méjì tí àwọn akàyàtọ̀ kò gbàgbé. Ó yọ asọ̀tàn inú ìwé kúrò, ọ̀mọ̀wé tí ó ń sọ ìtàn náà ní orúkọ ara rẹ̀, tí obìnrin náà bi ní ìbéèrè bóyá ẹ̀mí wà lẹ́yìn ikú. Ó sì jẹ́ kí obìnrin náà mú ọ̀bẹ ńlá, kí ó lọ sí ilé òrìṣà, kí ó máa ṣá igi ẹnu-ọ̀nà tí ó fi òógùn ojú rẹ̀ rà. Èyí kò sí nínú ìwé Lu Xun. Ariwo ta. Àwọn kan ní obìnrin onírẹ̀lẹ̀ bẹ́ẹ̀ kò lè gbé ọ̀bẹ. Wọ́n ní òǹkọ̀wé eré ti fi ẹ̀mí ọlọ̀tẹ̀ ọdún 1956 sínú obìnrin ayé àtijọ́. Wọ́n tún ní ohun kan lọ́wọ́ tí ó dà bí ẹ̀rí: Xia Yan fúnra rẹ̀ ti kọ ọ́ pé ẹni tí ó bá ń yí iṣẹ́ àwọn àgbà òǹkọ̀wé padà sí sinimá gbọdọ̀ jẹ́ olóòótọ́ sí wọn, pé inú ìtàn àtẹnudẹ́nu àti ìtàn ìwáṣẹ̀ ni òmìnira ti pọ̀. Ṣé òun fúnra rẹ̀ kò wá rú òfin tí ó ṣe?

Ìbéèrè náà tọ́, ó sì yẹ kí ó ní ìdáhùn. Òótọ́ sí kí ni? Bí ó bá jẹ́ sí iye ìṣẹ̀lẹ̀, Xia Yan jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n kí ni Lu Xun ń sọ? Ohun tí ó ń sọ ni pé àṣà kan wà tí ó ń gba owó lọ́wọ́ òtòṣì nítorí ìràpadà, tí ó sì tún fi ìràpadà náà dù ú. Lórí ìwé, ìbéèrè tí obìnrin náà bi ọ̀mọ̀wé ni ó gbé ọ̀rọ̀ yìí jáde: obìnrin tí kò mọ̀wé béèrè ohun tí ọ̀mọ̀wé kò lè dáhùn, ìtìjú ọ̀mọ̀wé náà sì di ìtìjú òǹkàwé. Nígbà tí asọ̀tàn ti kúrò nínú sinimá, ta ni obìnrin náà yóò bá wí? Igi yẹn. Owó rẹ̀ ni, òógùn rẹ̀ ni, irọ́ tí wọ́n tà fún un sì ni. Ẹni tí ó rò pé onírẹ̀lẹ̀ kì í gbé ọ̀bẹ kò tí ì rí onírẹ̀lẹ̀ tí wọ́n gba ohun ìkẹyìn lọ́wọ́ rẹ̀. Àti pé obìnrin kan náà yìí, nínú ìwé Lu Xun gan-an, ni ó fi orí gbá igun tábìlì títí tí ẹ̀jẹ̀ fi dà ní ọjọ́ tí wọ́n fi agídí gbé e fún ọkọ kejì. Ìbínú ti wà lára rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ṣíṣá igi kò ràn án lọ́wọ́, kò sì sọ ọ́ di akọni. Alágbe ni ó ṣì dà, ikú ni ó sì kú. Òpin Lu Xun dúró gbọn-in.

Ìdájọ́ tí ó tọ́ ni pé Xia Yan yí ọ̀nà padà kí ó lè dé ibi kan náà. Ẹni tí odò bá kún di ọ̀nà mọ́ a máa gba orí òkè.

Ní 1959, ó tún padà sọ́dọ̀ Mao Dun. Ó fi ìtàn Ọ̀gbẹ́ni Lin, oníṣọ́ọ̀bù kékeré kan ní ìlú kékeré ní 1931, ṣe sinimá tí Shui Hua darí. Àwọn aláṣẹ ìlú ń gba rìbá lọ́wọ́ Lin, àwọn olówó ń béèrè gbèsè, aláṣẹ kan ń fẹ́ gba ọmọbìnrin rẹ̀. Nígbẹ̀yìn ó sá lọ, àwọn opó tí wọ́n fi owó pamọ́ sọ́dọ̀ rẹ̀ sì pàdánù. Nínú ìtàn àkọ́kọ́, àánú Lin ni ó máa ń ṣe òǹkàwé jù. Xia Yan rò ó wò, ó sì mú ìhà kejì ọkùnrin náà jáde sí gbangba: ẹja ńlá ń gbé ẹja kékeré mì lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹja kékeré náà ń gbé edé mì. Lin tí wọ́n ń tẹ̀ mọ́lẹ̀ náà ń tẹ àwọn tí ó wà lábẹ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀. Àtúnsọ yìí mú ìfìwàwẹ̀dá náà jinlẹ̀ sí i. Lin kò di ẹni ibi, bẹ́ẹ̀ ni kò sì di ẹni mímọ́.

Kí ni ó ti ibẹ̀ yọ? Ní 1965, àwọn ìwé ìròyìn ìjọba kọlu sinimá náà. Wọ́n ní ó ń bá àwọn oníṣòwò kẹ́dùn, pé ó ń bo àṣírí ìwà ìrẹ́jẹ wọn. Ohun tí Xia Yan fi kún ìtàn náà gan-an, ìyẹn ìwà ìrẹ́jẹ Lin, ni wọ́n ní ó fi pamọ́! Níbi yìí ni àwọn akàyàtọ̀ ti yẹ kí wọ́n rí àwòrán ara wọn nínú dígí. Ẹni tí ó ti pinnu ìdájọ́ kí ó tó wo eré kò ní rí eré. Ọ̀kan ń fi ìwé àkọ́kọ́ díwọ̀n, èkejì ń fi òfin ẹgbẹ́ òṣèlú díwọ̀n. Kò sí ẹni tí ó wo ohun tí ó wà lójú aṣọ nínú àwọn méjèèjì.

Wọ́n gba ipò igbákejì mínísítà ètò àṣà lọ́wọ́ rẹ̀ ní 1965. Nígbà tí rògbòdìyàn Ìyípadà Àṣà bẹ́ sílẹ̀ ní 1966, wọ́n mú un, wọ́n lù ú, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan sì ṣẹ́. Ó lé ní ọdún mẹ́jọ tí ó fi wà ní àtìmọ́lé. 1975 ni wọ́n tó dá a sílẹ̀. Ó ti lé ní àádọ́rin ọdún nígbà náà, arọ sì ni ó bá padà sí ilé.

Òdodo kò ní jẹ́ kí ọ̀ràn rẹ̀ parí síbẹ̀. Xia Yan kì í ṣe ẹni tí ìyà jẹ lásán. Ó ti wà lára àwọn tí ń dájọ́. Ní 1951, nígbà tí ìjọba dojú ìjà kọ sinimá kan lórí ìgbésí-ayé Wu Xun, òun ni olórí ètò àṣà ní Shanghai, ó sì kọ ìwé ìjẹ́wọ́ àṣìṣe sínú ìwé ìròyìn ìjọba. Ní 1957, ó dìde nínú ìpàdé láti fẹ̀sùn kan Feng Xuefeng, òǹkọ̀wé ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ẹni tí wọ́n wá fi àmì ọ̀tá kàn lẹ́yìn náà. Pàṣán tí wọ́n fi na ìyáálé, wọ́n fi pa mọ́ de ìyàwó ni. Ẹni tí ó bá fẹ́ fi Xia Yan ṣe òrìṣà yóò ní láti fi ojú fo èyí, kò sì yẹ kí olùkọ́ kankan fi ojú fo òtítọ́. Ṣùgbọ́n àbùkù náà tún ti ìjiyàn yìí lẹ́yìn ni. Nígbà tí Xia Yan fi ìwọ̀n àjòjì dájọ́ òǹkọ̀wé, ó ṣìnà. Nígbà tí ó jókòó ti ìtàn, tí ó béèrè lọ́wọ́ ìtàn náà fúnra rẹ̀ ohun tí ó ń fẹ́, kò ṣìnà.

Kí ni ó wá fún un ní àṣẹ láti yí iṣẹ́ àwọn àgbà padà? Ìmọ̀ ni. Lu Xun, Mao Dun àti Xia Yan, ọmọ Zhejiang ni gbogbo wọn. Ilẹ̀ ṣẹ́dà ni ó ti dàgbà. Ó mọ ohùn àwọn opó ibẹ̀ àti ojú ọ̀nà tóóró iwájú ṣọ́ọ̀bù ibẹ̀. Ní 1936, kí ó tó kọ ìròyìn rẹ̀ tí ó lókìkí lórí àwọn ọmọbìnrin tí wọ́n tà sí oko-ẹrú ilé-iṣẹ́ òwú àwọn Jàpáànù ní Shanghai, ó ti lọ fi ojú ara rẹ̀ wò wọ́n bí wọ́n ti ń lọ síbi iṣẹ́ kí ilẹ̀ tó mọ́. Ọ̀pọ̀ ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ Ṣáínà ni ó ti ka ìròyìn náà nínú ìwé kíkà wọn. Ohun tí ó mọ̀ ni ó ń tún sọ. Ìdí nìyẹn tí ìyípadà ọwọ́ rẹ̀ fi dà bí ẹni pé inú ìtàn náà ni ó ti hù jáde.

Ọ̀rọ̀ yìí kan kíláàsì Yorùbá gan-an. Ìwé Ó Le Kú tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ jáde ní 1974. Ní 1997 Túndé Kèlání fi ṣe sinimá. Ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ ni ó ti rí sinimá náà kí wọ́n tó ṣí ìwé, olùkọ́ tí kò bá sì ní ìwọ̀n gidi lọ́wọ́ yóò kàn ní kí wọ́n to ìyàtọ̀ lẹ́sẹẹsẹ ni. Ìyàtọ̀ kì í ṣe ìdáhùn. Ibi tí ìbéèrè ti bẹ̀rẹ̀ ni. Kí akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá rí ìyàtọ̀ béèrè ohun mẹ́ta. Kí ni nǹkan tí a yọ kúrò yẹn ń ṣe nínú ìwé? Kí ni ó wá gba iṣẹ́ rẹ̀ ṣe nínú sinimá? Ǹjẹ́ ẹ̀dá-ìtàn náà ṣì jẹ́ ẹni tí a mọ̀? Bí ìdáhùn bá dára, àtúnsọ náà dára. Bí kò bá dára, kí a sọ bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rí. Ẹni tí ó kàn ka mẹ́wàá tí ó yàtọ̀ kò tí ì ṣe lámèyítọ́. Ìṣírò ni ó ṣe.

Xia Yan kú ní Beijing ní oṣù kejì ọdún 1995, wọ́n sì da eérú rẹ̀ sínú odò Qiantang ní Hangzhou, ìlú rẹ̀. Ilẹ̀ Ṣáínà ti fi orúkọ rẹ̀ pe ẹ̀bùn kan tí wọ́n ń fún àwọn òǹkọ̀wé eré sinimá. Ohun tí ó fi sílẹ̀ fún àwọn tí ń kọ́ni tóbi ju ẹ̀bùn lọ. Ó fi hàn pé ẹni tí ó gba ìtàn ọlọ́tàn sọ lè jẹ́ òǹkọ̀wé ní kíkún, bí ó bá mọ àwọn ènìyàn inú rẹ̀ bí ẹni mọ ará ilé rẹ̀. Bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Iṣẹ́ tí àwọn kan ń pè ní iṣẹ́ ẹrú ni wọ́n rán Xia Yan. Bí ọmọ bíbí inú ìtàn náà ni ó ṣe jẹ́ ẹ.